Àbúrò mi ṣe LASIK lánàá: báwo la ṣe lè máa fọ ojú rẹ̀ láì jẹ́ kí omi wọ ibẹ̀?

Àlàdé

Ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ̀yin ará. Àná ni wọ́n ṣe iṣẹ́ abẹ ojú onílésà tí wọ́n ń pè ní LASIK fún àbúrò mi obìnrin ní ojú méjèèjì, èmi ni mo sì wà lọ́dọ̀ rẹ̀ láti máa tọ́jú rẹ̀. Ìwé ìtọ́ni tí wọ́n kó lé wa lọ́wọ́ sọ pé kí omi má ṣe wọ ojú rẹ̀ fún ọjọ́ méje, ìlà tó tẹ̀ lé e sì sọ pé kí a rí i pé ojú náà mọ́ ní gbogbo ìgbà. Ó jọ mí lójú pé ìlà méjèèjì ń takora.

Nígbà tí mo ṣí ike ààbò kúrò lójú rẹ̀ láàárọ̀ yìí, mo rí ipin tó ti gbẹ mọ́ irun ìpéǹpéjú rẹ̀. Ó ń sọ pé ó dà bíi pé iyanrìn wà nínú ojú òun, ó sì ń bẹ̀ mí pé kí n jẹ́ kí òun bu omi sí i lẹ́ẹ̀kan péré. Mo kọ̀, ṣùgbọ́n n kò mọ ohun tí mo lè fi dípò omi náà. Aago méjì ọ̀sán ni wọ́n ní ká padà wá fún àyẹ̀wò. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n ṣe títí di ìgbà náà, báwo la ó sì ṣe máa ṣe é ní gbogbo ọ̀sẹ̀ yìí?

Àbẹ̀kẹ́

Ẹ̀gbọ́n Àlàdé, ẹ kú ìtọ́jú. Ó ti pé ọdún mẹ́ta tí mo ti ṣe tèmi. Iyanrìn tí àbúrò yín ń sọ yẹn, èmi náà rí i: ojú ń ta mí, ó ń ṣomi, ìmọ́lẹ̀ sì ń gún mi, ṣùgbọ́n ó ti rọlẹ̀ púpọ̀ nígbà tí mo sùn tí mo jí.

Ohun tí èmi ṣe ní ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ ni pé n kò bu omi sójú rárá. Aṣọ ìnura kékeré tó mọ́ ni mo ń rẹ sínú omi, màá fún un gbẹ dáadáa, màá sì fi nu iwájú orí, imú, ẹ̀rẹ̀kẹ́ àti àgbọ̀n. Tí ọwọ́ mi bá ti dé eegun tó yí ojú ká, màá dúró. Mo ń wẹ̀ láti ọrùn lọ sísàlẹ̀. Nígbà tí mo fẹ́ fọ irun ní ọjọ́ karùn-ún, ìyá mi ní kí n jókòó, kí n fi orí sẹ́yìn bí ẹni tí ń wo àjà, òun ló sì ń fọ̀ ọ́ láti ẹ̀yìn, tí èmi di ojú mi pa títí ó fi nu gbogbo rẹ̀ gbẹ. Ẹ má jẹ́ kí ó tẹrí ba fọ irun, nítorí pé ojú ni ìfófòó ọṣẹ máa ń ṣàn gbà.

Bàbá Ìbejì

Ẹ kú ọjọ́ mẹ́ta. Èmi kò ṣe iṣẹ́ abẹ rí, àmọ́ ojú mi kì í gba eruku. Ohun tí mo máa ń ṣe ni pé màá se omi kó hó dáadáa, màá fi iyọ̀ díẹ̀ sí i, nígbà tó bá ti tutù, màá bù ú sínú ife kékeré, màá sì la ojú sínú rẹ̀. Omi tó ti hó kò lè ní kòkòrò nínú mọ́. Ó ṣeé ṣe kí ìyẹn ran ọmọ náà lọ́wọ́ nítorí iyanrìn tó ní ó wà lójú òun.

Nọ́ọ̀sì Ìtura

Ẹ̀gbọ́n Àlàdé, inú mi dùn gidigidi pé ẹ kọ̀. Bàbá Ìbejì, mo mọ̀ pé inú rere lẹ fi sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n mo fi ọ̀wọ̀ bẹ̀ yín, kí ẹnikẹ́ni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe iṣẹ́ abẹ yìí má ṣe dán ohun tí ẹ sọ wò. Ọdún kọkànlá mi rè é nínú iṣẹ́ ìtọ́jú ojú, ìbéèrè yìí gan-an sì ni àwọn ènìyàn máa ń bi wá jù.

Ìlà méjì tó wà nínú ìwé yẹn kò takora. Ojú là ń pe ibi tí a ń bọ́ láàárọ̀, ojú náà la sì ń pe ẹyin tí a fi ń ríran, ibẹ̀ ni ìrújú ti wọlé. Èyí tí wọ́n ní kó mọ́ ni ojú tí a ń bọ́, pẹ̀lú ìpéǹpéjú àti irun rẹ̀. Èyí tí wọ́n ní kí omi má kàn ni ẹyin ojú. Ẹyin ojú kò nílò kí ẹnikẹ́ni fọ̀ ọ́, nítorí pé gbogbo ìgbà tí a bá ṣẹ́jú ni omijé ń fọ̀ ọ́.

Ẹ jẹ́ kí n sọ ohun tí dókítà ṣe níbẹ̀, nítorí pé ẹni tó bá mọ̀ ọ́n á mọ ìdí tí a fi ń ṣọ́ra. Kọ́níà ni awọ tó mọ́ gaara níwájú ẹyin ojú, nípọn rẹ̀ kò ju bí ìdajì mìlímítà lọ. Nínú LASIK, wọ́n á gé awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan lórí rẹ̀, tó nípọn bí ìdámẹ́wàá mìlímítà, wọ́n á fi etí kan sílẹ̀ láìgé, wọ́n á sì ṣí i sẹ́gbẹ̀ẹ́ bí ẹni ṣí ojú ìwé. Lésà á wá gbẹ́ abẹ́ rẹ̀ títí yóò fi ní ìrísí tó yẹ, lẹ́yìn náà ni wọ́n á da awọ náà bò ó padà. Kò sí òwú tí wọ́n fi rán an. Ṣe ló kàn lẹ̀ mọ́ ibẹ̀. Láàárín bí ọjọ́ kan, awọ òde á ti hù bo etí ibi tí wọ́n gé, ṣùgbọ́n awọ náà kò ní lẹ̀ mọ́ abẹ́ rẹ̀ bíi ti tẹ́lẹ̀ mọ́. A ti rí àwọn tí nǹkan gbá lójú ní ọ̀pọ̀ ọdún lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ tí awọ náà sì yẹ̀ kúrò láyè rẹ̀. Ẹ wá fojú inú wo omi tí a bù dà sí i ní ọjọ́ kejì.

Ní ti omi fúnra rẹ̀, omi ẹ̀rọ, omi kànga, omi odò àti omi adágún ìwẹ̀ lè ní Acanthamoeba nínú, ìyẹn ohun ẹlẹ́mìí kan tí ojú lásán kò lè rí, tó sì lè ba kọ́níà jẹ́ débi tí ìtọ́jú rẹ̀ yóò fi gba ọ̀pọ̀ oṣù. Òótọ́ ni pé sísè ń pa á, ṣùgbọ́n ife tí ẹ bu omi náà sí kò hó, ṣíbí tí ẹ fi bu iyọ̀ kò hó, ìka tó di ife mú náà kò hó. Bákan náà, ìwọ̀n iyọ̀ inú omijé kò tó ẹyọ kan nínú ọgọ́rùn-ún, kò sì sí bí a ṣe lè fojú wọn ìyẹn nínú ilé. Tó bá pọ̀ jù, á ta ojú tó ti ní ọgbẹ́ tẹ́lẹ̀.

Ohun tí ẹ ó ṣe sí ipin náà nìyí. Ẹ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ yín dáadáa, kí ẹ sì nù ún gbẹ. Ẹ lo gọ́ọ̀sì (aṣọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ tí wọ́n fi ń tọ́jú egbò) inú ọ̀rá tí wọn kò tíì ṣí, pẹ̀lú omi iyọ̀ tí wọ́n ṣe fún ìwòsàn, èyí tí wọ́n dì pa, tí kò ní kòkòrò kankan. Òwú kò dára nítorí pé ó máa ń já sójú. Kí ó di ojú rẹ̀ pa jẹ́jẹ́, láì fún un. Ẹ gbé gọ́ọ̀sì tó tutù náà lé orí irun ìpéǹpéjú fún bí ìṣẹ́jú kan kí ipin náà rọ̀, láì tẹ̀ ẹ́, lẹ́yìn náà kí ẹ nù ún láti ẹ̀gbẹ́ imú lọ síta lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, kí ẹ sì ju gọ́ọ̀sì yẹn nù. Gọ́ọ̀sì tuntun ni ẹ ó lò fún ojú kejì. Èyí tó bá ṣì lẹ̀ mọ́ ibẹ̀, ẹ fi sílẹ̀ títí di ọ̀la. Ẹ má ṣe fi èékánná yọ ọ́. Tí kò bá sí irú gọ́ọ̀sì àti omi bẹ́ẹ̀ nílé, ẹ fi ipin náà sílẹ̀ títí di aago méjì, wọ́n á bá yín nù ún níbẹ̀.

Ní ti iyanrìn, kò sí iyanrìn kankan níbẹ̀. Etí ibi tí wọ́n gé ló ń ta á, ojú náà sì ti gbẹ. Omijé àtọwọ́dá tí wọ́n kó fún yín ni ẹ ó kán sí i.

Bàbá Ìbejì

Nọ́ọ̀sì, mo gbọ́, mo sì gbà. N kò mọ̀ pé wọn kì í rán an. Èmi fúnra mi á jáwọ́ nínú ife yẹn. Ẹ wá jẹ́ kí n béèrè ohun tó kù: tí eruku tàbí ìfófòó ọṣẹ bá wá wọ ojú rẹ̀ láìròtẹ́lẹ̀, tí kò sì gbọdọ̀ bu omi sí i, kí ni yóò ṣe?

Nọ́ọ̀sì Ìtura

Ẹ ṣeun tí ẹ béèrè, Bàbá. Kí ó má ṣe fọwọ́ ra ojú, nítorí pé ọwọ́ ló ń ṣe ibi ju eruku lọ. Kí ó kán omijé àtọwọ́dá sí i lẹ́ẹ̀mejì, lẹ́ẹ̀mẹta, lẹ́ẹ̀mẹrin, kí ó sì máa ṣẹ́jú jẹ́jẹ́, ìṣàn rẹ̀ á gbé eruku náà jáde. Tí kò bá lọ, kí ó pe ilé ìwòsàn.

Ohun kan ṣoṣo wà tó ń yí òfin omi padà, mo sì fẹ́ kí gbogbo yín há a sórí. Tí ó bá jẹ́ kẹ́míkà tó ń jóni, bíi omi bátìrì tàbí àwọn oògùn líle tí wọ́n fi ń fọ ilé ìgbọ̀nsẹ̀, ló ta sí ojú, ẹ má ṣe wá omi iyọ̀ kiri, ẹ má sì dúró de dókítà. Ẹ fi omi tó mọ́ tó wà nítòsí ṣan ojú náà lójú ẹsẹ̀, kí ẹ sì máa ṣàn án lọ fún ìṣẹ́jú tó pọ̀, kí ẹ tó gbé e lọ sílé ìwòsàn. Awọ tó yẹ̀ ṣeé dá padà. Èyí tí kẹ́míkà jẹ kò rọrùn bẹ́ẹ̀.

Àyìnlá

Lórí ọ̀rọ̀ ọwọ́ tí Nọ́ọ̀sì sọ, mo lè jẹ́rìí. Ní òru kẹta lẹ́yìn LASIK mi, ooru mú, ike ààbò sì ń họ mí létí, ni mo bá yọ ọ́ sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìrọ̀rí. Mo ní kí n kàn sinmi díẹ̀. Èmi kò mọ ìgbà tí mo fọwọ́ ra ojú lójú oorun. Ohun tí mo mọ̀ ni pé ìrora ló jí mi, omi ń dà lójú ọ̀tún mi, nígbà tí mo sì wo iná kékeré ara ògiri, mo rí i bíi pé ó ti ya sí mẹ́ta, kò sì dúró sójú kan. Mo mọ̀ lójú ẹsẹ̀ pé mo ti ṣe nǹkan. Ní àárọ̀ kùtùkùtù ni dókítà gbé mi sábẹ́ ẹ̀rọ, ó ní awọ náà ti ká jọ létí bí etí ìwé tó ṣẹ́po. Ó ṣí i, ó fọ abẹ́ rẹ̀, ó sì tẹ́ ẹ padà. Ojú náà dára lónìí, ṣùgbọ́n ó ní bí mo bá ti fi ọjọ́ díẹ̀ falẹ̀ ni, ìlà ká-ká náà ì bá ti le mọ́ ibẹ̀.

Ẹ̀gbọ́n Àlàdé, ẹ jọ̀ọ́, ẹ fi téèpù lẹ ike náà mọ́ eegun iwájú orí àti ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ lálaalẹ́, títí kan ìgbà tó bá fẹ́ sùn lọ́sàn-án. Kí etí ike náà má ṣe kan ìpéǹpéjú. Ẹ sì máa fi ọṣẹ fọ ike náà, kí ẹ jẹ́ kó gbẹ kí ẹ tó lò ó.

Ọmọ́táyọ̀

Mo fẹ́ fi ọ̀rọ̀ kan kún un fún àwọn tó bá ṣe PRK bíi tèmi, ìyẹn irú iṣẹ́ abẹ ojú onílésà mìíràn, nítorí pé kò rí bákan náà. Nínú PRK, wọn kì í gé awọ kankan ṣí. Ṣe ni wọ́n máa ń ha awọ òde kúrò kí lésà tó ṣiṣẹ́, wọ́n á sì fi lẹ́ǹsì rírọ̀ kan bo egbò náà títí awọ tuntun yóò fi hù, èyí tó máa ń gba bí ọjọ́ mẹ́ta sí márùn-ún. Ọjọ́ kejì àti ìkẹta le fún mi ju ọjọ́ àkọ́kọ́ lọ, nítorí náà kí ẹ̀rù má bà yín.

Lẹ́ǹsì tèmi bọ́ sílẹ̀ ní ọjọ́ kẹta nígbà tí mo ń kán oògùn. Mo rí i lórí ẹ̀rẹ̀kẹ́ mi, ó ti fẹ́ gbẹ, ọkàn mi sì ń sọ fún mi pé kí n fi omi ẹ̀rọ ṣàn án kí n dá a padà. Mo dúpẹ́ pé mo kọ́kọ́ pe ilé ìwòsàn. Wọ́n ní kí n jù ú nù, kí n di ojú mi, kí n máa bọ̀. Wọ́n fi òmíràn sí i fún mi. Ohun mìíràn ni pé mo bẹ̀ wọ́n fún oògùn tó ń pa ojú kú, èyí tí wọ́n kán fún mi kí iṣẹ́ abẹ tó bẹ̀rẹ̀, kí n lè máa lò ó nílé. Wọ́n kọ̀ jálẹ̀, wọ́n ní kì í jẹ́ kí awọ tuntun hù. Oògùn ìrora oníhóró ni wọ́n fún mi. Láti ìgbà náà, fún ọ̀pọ̀ oṣù, n kò jáde sínú oòrùn láì lo awò dúdú tó ń dí ìtànṣán ultraviolet, nítorí pé ìtànṣán yẹn lè dá kùrukùru sílẹ̀ lójú ẹni tó ṣe PRK.

Àlàdé

Ẹ ṣeun, gbogbo yín. A ti ti àyẹ̀wò dé. Dókítà ní awọ náà tẹ́ dáadáa, kò sì sí wíwú kankan lábẹ́ rẹ̀. Nọ́ọ̀sì ibẹ̀ bá wa nu ipin náà gẹ́gẹ́ bí Nọ́ọ̀sì Ìtura ṣe ṣàlàyé gan-an, mo sì dúró tì í mo wò ó. Ìgò oògùn mẹ́ta ló wà lọ́wọ́ wa báyìí: antibáyótìkì tó ń pa kòkòrò, sítẹ́rọ́ìdì tó ń dín wíwú kù, àti omijé àtọwọ́dá. Ṣé ó burú tí mo bá kán mẹ́tẹ̀ẹ̀ta pọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà kí ó lè tètè padà sùn?

Nọ́ọ̀sì Ìtura

Inú mi dùn sí ìròyìn yìí. Àyẹ̀wò ọjọ́ àkọ́kọ́ yẹn ṣe pàtàkì ju bí àwọn ènìyàn ṣe rò lọ, nítorí pé wíwú kan wà tó lè bẹ̀rẹ̀ lábẹ́ awọ náà ní ọjọ́ díẹ̀ àkọ́kọ́ láì dunni rárá.

Ẹ má ṣe kán wọn pọ̀. Ojú kò lè gba ju ẹ̀kán kan lọ lẹ́ẹ̀kan. Tí ẹ bá kán èkejì lé e lójú ẹsẹ̀, ṣe ló máa ti ti àkọ́kọ́ dànù sí ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ẹ fi ìṣẹ́jú márùn-ún sáàárín, kí omijé àtọwọ́dá sì gbẹ̀yìn. Tí wọ́n bá kọ ọ́ sára ìgò pé kí ẹ gbọ̀n ọ́n, ẹ gbọ̀n ọ́n dáadáa. Kí ó gbé orí sókè, kí ẹ fa ìpéǹpéjú ìsàlẹ̀ wálẹ̀ díẹ̀ láti orí eegun ẹ̀rẹ̀kẹ́, kí ẹ má tẹ ẹyin ojú, kí ẹ̀kán náà sì bọ́ sínú àpò kékeré tó ṣí sílẹ̀ níbẹ̀. Ẹnu ìgò kò gbọdọ̀ kan irun ojú. Omijé àtọwọ́dá tí kò ní èròjà ìpamọ́ ló dára jù fún ojú rẹ̀ báyìí, èyí tó máa ń wà nínú ike kéékèèké; tí ẹ bá ti ṣí ọ̀kan, ẹ tẹ̀ lé ohun tí wọ́n kọ sára páálí rẹ̀ lórí àsìkò tí ẹ gbọ́dọ̀ jù ú nù.

Sítẹ́rọ́ìdì ni kí ẹ ṣọ́ jù. Iye ọjọ́ tí wọ́n kọ ni kí ẹ lò ó, kò gbọdọ̀ dín, kò sì gbọdọ̀ lé, nítorí pé lílò rẹ̀ pẹ́ lè mú kí ìfúnpá inú ẹyin ojú ga.

Ẹ má sì jẹ́ kí ó dúró kí ojú tó gbẹ kí ó tó kán omijé. Lésà àti gígé ti já àwọn iṣan kéékèèké tó ń fi tó ọpọlọ létí pé ojú ti gbẹ, nítorí náà ojú lè gbẹ kí ó má mọ̀. Oṣù mélòó kan ni wọ́n máa ń gbà kí wọ́n tó hù padà.

Àbẹ̀kẹ́

Wọ́n sọ fún mi pé ọ̀sẹ̀ méjì tó kí n tó wọ adágún ìwẹ̀, wọ́n sì sọ fún ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin pé oṣù kan. Èwo ni ká gbà?

Nọ́ọ̀sì Ìtura

Ẹ gba ti dókítà tó ṣe iṣẹ́ náà, nítorí pé òun ló rí ojú yín. Ṣùgbọ́n tí ẹ bá bi èmi, màá ní kí ẹ mú èyí tó gùn jù. FDA, àjọ tó ń bójú tó oúnjẹ àti oògùn ní Amẹ́ríkà, sọ nínú ìmọ̀ràn rẹ̀ fún àwọn tó ṣe LASIK pé kí wọ́n má ṣe lúwẹ̀ẹ́ fún oṣù kan sí méjì, kí wọ́n yẹra fún eré ìdárayá tó ń mú kí ara kan ara, bíi ẹ̀ṣẹ́ kíkàn àti bọ́ọ̀lù àwọn ará Amẹ́ríkà, fún ọ̀sẹ̀ mẹ́rin ó kéré tán, kí wọ́n sì dúró tó ọ̀sẹ̀ méjì kí wọ́n tó fi ìpara tàbí ohun ìṣaralóge sí àyíká ojú. Tìróò tó ti wà nílé kí iṣẹ́ abẹ tó wáyé, kí ó jù ú nù, kí ó ra tuntun. Kí fáànù má ṣe kọjú sí i tààrà, kí ó sì yẹra fún èéfín.

Tí ìrora bá bẹ̀rẹ̀ sí í pọ̀ sí i lẹ́yìn tó ti rọlẹ̀, tí ìríran rẹ̀ bá ti mọ́ tó sì tún ṣú, tí ọyún bá ń jáde, tàbí tí ojú bá pọ́n sí i, ẹ má ṣe dúró de ọjọ́ àyẹ̀wò. Ẹ lọ lọ́jọ́ náà gan-an.

Àlàdé

Ọjọ́ kẹsàn-án rè é. Dókítà ti ní omi lè kan ojú rẹ̀ báyìí, kí ó kàn máa di ojú pa. Láàárọ̀ yìí, ó dúró síwájú omi fún ìgbà díẹ̀ kí ó tó gbà pé òun lè ṣe é, ó sì fi àtẹ́lẹwọ́ bu omi sójú lẹ́ẹ̀mejì. Nígbà tó fẹ́ nù ún, mo rí i tí ọwọ́ rẹ̀ ń lọ bó ṣe máa ń ṣe tẹ́lẹ̀, tí yóò fi aṣọ ìnura fa ojú láti òkè dé ìsàlẹ̀. Ó rántí, ó dúró, ó wá ń fi aṣọ náà kàn án díẹ̀díẹ̀ títí omi fi gbẹ. Ní alẹ́, ó ń rí òrùka ìmọ́lẹ̀ yí àwọn iná ká. Ṣé kí a ṣì máa lẹ ike yẹn mọ́jú sùn?

Nọ́ọ̀sì Ìtura

Òrùka yẹn máa ń wáyé, ó sì sábà máa ń dín kù bí oṣù ṣe ń lọ. Ìríran lè gba oṣù mẹ́ta sí mẹ́fà kí ó tó dúró sójú kan. Tí dókítà bá ti ní kí ẹ jáwọ́ nínú ike, ẹ lè jáwọ́. Ṣùgbọ́n tó bá jẹ́ ẹni tó máa ń dojú délẹ̀ sùn, tàbí tó ń sùn pẹ̀lú ọmọ kékeré tó lè ju ọwọ́, ẹ jẹ́ kí ó fi ọ̀sẹ̀ kan kún un.

Àlàdé

Adojúdélẹ̀ sùn ni. A ó fi ọ̀sẹ̀ kan kún un.